Yíyọ Eré Kúrò Nínú Kọ̀ǹpútà: Ẹ Má Fi Ìkánjú Tẹ Ẹ̀tọ́ Ẹlòmíràn Mọ́lẹ̀

Ọ̀rọ̀ ìdánilẹ́kọ̀ọ́ fún àpéjọ àwọn ọ̀dọ́

  

Ó lè ya àwọn àgbà kan lẹ́nu pé ọ̀rọ̀ òní dá lórí bí a ti ń yọ eré tí a kò fẹ́ mọ́ kúrò nínú kọ̀ǹpútà alágbèéká kí ààyè lè wà nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá ní ọmọ ní ilé ẹ̀kọ́ gíga mọ̀ pé inú kọ̀ǹpútà ni ìwé ọmọ náà wà, ibẹ̀ ni iṣẹ́ àṣekágbá rẹ̀ wà, ibẹ̀ náà sì ni eré rẹ̀ wà. Nígbà tí ilé bá kún, ohun kan ní láti jáde. Kí ni yóò jáde? Ta ni ó ni ín? Báwo ni a ó ṣe mú un jáde? Ọ̀rọ̀ yìí kò wá láti dá eré lẹ́bi, kò sì wá láti dá a láre. Ohun tí ó wá sọ ni bí ènìyàn ti í tún ilé ṣe láìba ti ẹlòmíràn jẹ́.

Ẹ fi ojú inú wo ilé kan ní Ìbàdàn. Ìyá kan tí ó ń ta aṣọ ní ọjà Gbági ra kọ̀ǹpútà tòkunbọ̀ kan fún àwọn ọmọkùnrin rẹ̀ méjì. Ẹ̀gbọ́n wà ní ọdún ìkẹyìn ní yunifásítì, àbúrò sì wà ní ilé ẹ̀kọ́ girama. Ọ̀rọ̀ tí ìyá sọ nígbà tí ó gbé e lé wọn lọ́wọ́ kò pọ̀: “Ẹ̀yin méjèèjì ni ẹ ni ín.”

Ẹni tí ó ta kọ̀ǹpútà náà ti fi Grand Theft Auto V sínú rẹ̀, ó ní ènì ni. Nígbà tí eré náà jáde fún kọ̀ǹpútà ní ọdún 2015, ààyè gígábáìtì 65, èyí tí a ń kọ ní GB 65, ni àwọn tí wọ́n ṣe é béèrè fún un. Lẹ́yìn náà ni ọ̀rẹ́ ẹ̀gbọ́n bá a fi eré bọ́ọ̀lù EA Sports FC 24 ti ọdún 2023 kún un, èyí tí ó ń béèrè GB 100. Kọ̀ǹpútà náà kò ní káàdì àwòrán tí irú eré bẹ́ẹ̀ ń fẹ́, nítorí náà kò ṣeé ta rárá, ó kàn dùbúlẹ̀ síbẹ̀ ni. Ti àbúrò ni FIFA 14, eré bọ́ọ̀lù àtijọ́ ti ọdún 2013 tí kò gbà ju GB 8 lọ. Ọdún méjì ni ọmọ náà ti ń fi ọjọ́ ìsinmi tọ́jú ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù rẹ̀ nínú eré yìí.

Ní òru ọjọ́ kan, tí ó ku ọ̀la kí ẹ̀gbọ́n fi iṣẹ́ àṣekágbá rẹ̀ lé olùkọ́ lọ́wọ́, kọ̀ǹpútà kọ̀ láti pa á mọ́. Ó ní ààyè ti tán. Ara ẹ̀gbọ́n gbóná. Ó kọ́kọ́ pa àwòrán kékeré tí a fi ń ṣí FC 24 rẹ́ kúrò lójú kọ̀ǹpútà, ààyè kò sì yàtọ̀. Ó wọ inú Documents, ó rí fódà kan tí a kọ FIFA 14 sí lára, ó ní, “Eré náà rèé.” Ó pa á rẹ́, ó sì tún da Recycle Bin nù. Síbẹ̀, ohun tí ó rí gbà kò ju mẹ́gábáìtì díẹ̀ lọ. Orí fíláàṣì ni ó padà fi iṣẹ́ rẹ̀ sí kí ilẹ̀ tó mọ́.

Ní òwúrọ̀, àbúrò ṣí eré rẹ̀. Eré náà ṣí, ṣùgbọ́n ó ní kí ó bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀.

“Bọ̀ọ̀dá, ṣé ẹ̀yin ni ẹ fọwọ́ kan géèmù mi?”

“Eré lásán nìyẹn. Iṣẹ́ ìwé mi ni mo ń wá ààyè fún.”

“Ẹ ò bi mí. Ká ní ẹ bi mí ni, mi ò bá ti fi hàn yín pé ibẹ̀ kọ́ ló wà.”

Ìyá tí ó ń múra ọjà gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ. Ó yíjú sí èyí àgbà, ó ní: “Ìwọ ni ẹ̀gbọ́n, mo mọ̀. Ṣùgbọ́n èmi kò fún ọ ní ìpín tirẹ̀.”

Ẹ̀yin ará, ẹ wo bí ọ̀rọ̀ yìí ti rí. Ohun ńlá tí kò wúlò fún ẹnikẹ́ni, tí ó sì jẹ́ ti ẹ̀gbọ́n fúnra rẹ̀, ṣì wà níbẹ̀ pẹ̀lú GB 100 rẹ̀. Ohun kékeré tí ó ṣe iyebíye lójú ẹlòmíràn ni ó parun. A lè rí eré padà bí ó bá pẹ́, ṣùgbọ́n àkọsílẹ̀ ibi tí eléré bá a dé, bí a kò bá ní ẹ̀dà rẹ̀ níbòmíràn, kò sí ọjà tí a ti í rí i rà. Àwọn àgbà ní orí bíbẹ́ kọ́ ni oògùn orí fífọ́. Nítorí náà, ẹ jẹ́ kí a to ọ̀nà tí ó tọ́ lẹ́sẹẹsẹ.

Ìkíní: Ẹ wò kí ẹ tó fọwọ́ kàn. Lórí kọ̀ǹpútà tí ó ń lo Windows, ẹ ṣí Settings, ẹ wọ System, kí ẹ sì tẹ Storage. Ibẹ̀ ni yóò ti fi hàn yín bí ààyè ti tó àti ohun tí ó gbà á. Ẹ má ṣe rò pé olè jà bí ẹ bá ra èyí tí a pè ní GB 256 tí ẹ sì rí 238. Ẹni tí ó ṣe dísìkì fi 1,000 ka ìṣirò rẹ̀, Windows sì fi 1,024 ka tirẹ̀. Ní ilé tí a ń sọ yìí, FC 24, Grand Theft Auto V àti FIFA 14 jọ gba GB 173 nínú 238. Inú GB 65 tí ó ṣẹ́kù ni Windows fúnra rẹ̀, ètò ìkọ̀wé, fídíò ìdánilẹ́kọ̀ọ́ àti iṣẹ́ àṣekágbá gbọ́dọ̀ há ara wọn mọ́. Windows 11 tí ó jáde ní ọdún 2021 kì í gbà kí dísìkì kéré ju GB 64 lọ. Ìnira náà kò ṣòro láti rí fún ẹni tí ó bá wò ó.

Ìkejì: Ẹ bi ẹni tí ó ni ín. Bí ọwọ́ ju ẹyọ kan lọ bá ń lo kọ̀ǹpútà, kò sí ohun tí ó ń jẹ́ “eré tí a kò fẹ́” títí a ó fi béèrè pé ta ni kò fẹ́ ẹ. Àgbàfipamọ́ ni ohun àjùmọ̀ní. Ọjọ́ orí kì í sọ ìpín ẹlòmíràn di ti ẹni, bẹ́ẹ̀ ni kíkéré ọmọ kì í sọ ẹ̀tọ́ rẹ̀ di òfo.

Ìkẹta: Ẹ kọ́kọ́ gbé àkọsílẹ̀ eléré pamọ́. Ó lè wà nínú Documents, ó lè wà nínú Saved Games, ó sì lè wà nínú fódà AppData tí Windows máa ń fi pamọ́ fún ojú. Ẹ ṣe ẹ̀dà rẹ̀ sórí fíláàṣì. Àwọn eré kan tí a gbà láti orí Steam máa ń ní ẹ̀dà àkọsílẹ̀ yìí lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo wọn, nítorí náà ẹ wádìí kí ọkàn yín tó balẹ̀.

Ìkẹrin: Ẹ gba ẹnu ọ̀nà mú un jáde. Àwòrán kékeré ojú kọ̀ǹpútà kì í ṣe eré. Ẹni tí ó já pátákó iwájú ṣọ́ọ̀bù kò tíì kó ọjà inú rẹ̀ jáde. Ẹ padà sí Settings, ẹ wọ Apps, kí ẹ tẹ Installed apps lórí Windows 11, tàbí Apps & features lórí Windows 10. Ẹ ní kí ó to gbogbo wọn bí wọ́n ti tóbi sí, kí ẹ sì tẹ Uninstall ní ẹ̀gbẹ́ èyí tí ẹ fẹ́ yọ. Èyí tí ó bá ti orí Steam wá, inú Library ni kí ẹ ti tẹ orúkọ rẹ̀ pẹ̀lú bọ́tìnì ọ̀tún, kí ẹ yan Manage, lẹ́yìn náà Uninstall. Yíyọ tí ẹ yọ ọ́ kò ní kí ohun tí ẹ fi owó rà má jẹ́ tiyín mọ́, orúkọ rẹ̀ yóò ṣì wà lórí àkáǹtì yín.

Ní ti àwọn tí olùtà tàbí ọ̀rẹ́ kàn dà sínú kọ̀ǹpútà, òmíràn kì í sí nínú ìwé orúkọ yìí. Ẹ wo inú fódà eré náà bóyá unins000.exe wà níbẹ̀, nítorí pé òun ni ó máa ń yọ ọ̀pọ̀ irú wọn. Kí ẹ sì mọ̀ pé ẹ̀dà tí a ṣe láìgba àṣẹ lọ́wọ́ ẹni tí ó ṣiṣẹ́ rẹ̀ ń jẹ ẹ̀tọ́ ẹni náà, bẹ́ẹ̀ ni ètò olóró lè sá pamọ́ sínú rẹ̀. Ààyè nìkan kọ́ ni ẹ ń gbà padà nígbà tí ẹ bá yọ irú rẹ̀.

Ìkarùn-ún: Ẹ má ṣe yọ ohun tí ẹ kò mọ̀. Ẹ ó rí àwọn orúkọ bíi Microsoft Visual C++ Redistributable, ẹ ó sì rí ti ètò tí ń darí káàdì àwòrán. Wọ́n lè dà bí ẹrù tí kò ní olówó, bẹ́ẹ̀ ni àwọn ètò mìíràn gbára lé wọn. Ẹni tí kò bá mọ̀, kí ó béèrè.

Ìkẹfà: Ẹ padà lọ wo Storage, kí ẹ rí i pé ààyè náà ti dé ní tòótọ́. Ohun tí ó bá ṣì wà nínú Recycle Bin ṣì ń gba ààyè. Ẹ má sì jẹ́ kí dísìkì kún dé ẹnu mọ́, nítorí pé bí ó bá ti kún jù ni iṣẹ́ rẹ̀ ń fà. Kí ẹ tó tún gbé eré ńlá wọlé, ẹ ro ohun tí yóò gbà. Bí ìwé kan bá gba mẹ́gábáìtì 5, GB 100 yóò gba 20,000 irú rẹ̀. Ẹni tí a ti kọ́ pé kí ó má fi omi ṣòfò níbi àlùwàlá yẹ kí ó lè ṣírò èyí.

Nínú ilé tí a bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú rẹ̀, akẹ́kọ̀ọ́ kan ní àdúgbò tí ó mọ̀ nípa kọ̀ǹpútà yà wọ́n nílé lẹ́yìn ìrun Jímọ̀. Ó jókòó sáàárín tẹ̀gbọ́n-tàbúrò, ó sì ní kí wọ́n jọ máa ka orúkọ tí ó wà lójú kọ̀ǹpútà. “Ta ni ó ni èyí?” Ẹ̀gbọ́n ní òun ni òun ni FC 24. “Ṣé o ti ta á rí?” Ó ní rárá. Wọ́n tẹ Uninstall, GB 100 sì padà wá láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀. Wọ́n dé orí Grand Theft Auto V, kò sí ẹni tí ó ní òun ń fẹ́ ẹ, wọ́n yọ òun náà. Wọ́n dé orí FIFA 14. Ẹ̀gbọ́n kò sọ̀rọ̀. Ó yíjú sí àbúrò rẹ̀, ó ní: “Tìrẹ nìyẹn. Má bínú sí mi.”

Ọmọ náà ní òun ti gbọ́. Ṣùgbọ́n ọjọ́ mélòó kan kọjá kí ó tó tún ṣí eré náà, ẹgbẹ́ tí ó fi ọdún méjì kọ́ kò sì padà mọ́. Ìdáríjì wà, àtúnṣe wà, síbẹ̀ ohun tí ó ti lọ ti lọ. Ìdí nìyí tí ìbéèrè fi gbọ́dọ̀ ṣáájú ọwọ́.

Kí Ọlọ́run Allāhu fún wa ní òye láti tọ́jú ohun tí a fi sí ìkáwọ́ wa, kí Ó fi àlùbáríkà sí ìmọ̀ àwọn ọmọ wa, kí Ó má sì jẹ́ kí a fi ìkánjú jẹ ẹ̀tọ́ ẹnikẹ́ni. Àmín.