Ọ̀nà Tí Wọn Kò Fi Han Àlejò: Àwọn Pọtogí Tó Ya Máàpù Etíkun Wa

Ìdánilẹ́kọ̀ọ́ gbangba fún àwọn ọmọ Yorùbá ní Okaishie, Accra

Wọ́n ní kí n sọ̀rọ̀ lórí àwọn Pọtogí tó ya máàpù etíkun wa ní nǹkan bí ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta ọdún sẹ́yìn. Ohun tó wà lórí máàpù wọn yẹ ní mímọ̀, mo sì máa sọ ọ́. Ṣùgbọ́n ohun tí kò sí níbẹ̀ ló ń jẹ mí lọ́kàn jù.

Òwò ló bí ìrìn-àjò náà. Ní 1469, Ọba Afonso Karùn-ún gbà fún Fernão Gomes, oníṣòwò ní Lisbon, pé kí òun nìkan máa ṣòwò ní etíkun Guinea fún ọdún 5. Ó ń san ìṣákọ́lẹ̀ fún ọba, àmọ́ májẹ̀mú tó wúwo jù ni pé lọ́dọọdún, àwọn ọkọ̀ rẹ̀ gbọ́dọ̀ fi líígì 100 kún etíkun tí wọ́n ti mọ̀. Ní 1471, àwọn atukọ̀ rẹ̀ João de Santarém àti Pêro Escobar gúnlẹ̀ sí Shama ní ilẹ̀ Gáná yìí, wọ́n sì bá wúrà níbẹ̀. Láti ìgbà náà ni wọ́n ti ń pe apá ibẹ̀ ní Mina.

Báwo ni máàpù ṣe ń jáde nínú irú ìrìn-àjò bẹ́ẹ̀? Atukọ̀ ló ń kó ohun èlò rẹ̀ jọ. Kọ́ńpáàsì ń sọ ibi tí ọkọ̀ kọjú sí fún un, òun fúnra rẹ̀ á sì fojú díwọ̀n iye ọ̀nà tí wọ́n rìn lójúmọ́. Ó máa ń ju òjé tí wọ́n so mọ́ okùn sómi láti mọ bí omi ṣe jìn tó. Wọ́n ti fi ọ̀rá pa ìdí òjé náà, kí iyanrìn ìsàlẹ̀ lè lẹ̀ mọ́ ọn, kí wọ́n lè wo àwọ̀ rẹ̀. Ó ń kọ òkè tó rí sílẹ̀, ó ń kọ ẹnu odò àti igi gíga tó dá dúró. Nígbà tó bá padà dé Lisbon, ayamáàpù tí kò kúrò nílé rí á gba àkọsílẹ̀ náà, á sì fà á sórí awọ. Pedro Reinel ya ọ̀kan ní nǹkan bí 1485, ó wà ní Bordeaux di òní. Èyí tí Jorge de Aguiar ya ní 1492 wà ní Yunifásítì Yale ní Amẹ́ríkà. Òun ni máàpù ojú omi Pọtogí tó pẹ́ jù lọ nínú èyí tí ayamáàpù fọwọ́ sí tó sì kọ ọdún sí.

Ìṣòro ńlá kan bá wọn ní ọ̀dọ̀ wa níhìn-ín. Ìràwọ̀ àríwá ni wọ́n máa ń wò lóru láti mọ bí wọ́n ṣe jìnnà sí ìlà agbedeméjì ayé tó. Bí ẹni ṣe ń lọ sí gúúsù ni ìràwọ̀ náà ń sọ̀kalẹ̀, tí ó bá sì di etíkun Gáná, ó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ kan omi. Wọ́n ní láti yíjú sí oòrùn ọ̀sán gangan. Ní 1485, Ọba João Kejì rán José Vizinho, Júù onímọ̀ ìràwọ̀, wá sí Guinea láti wọn gíga oòrùn. Àtẹ ìṣirò Abraham Zacuto, Júù míìràn, ló gbé iṣẹ́ náà ró, wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní Leiria ní 1496. Lóṣù Kejìlá ọdún yẹn gan-an ni Ọba Manuel pàṣẹ pé kí gbogbo Júù tó bá kọ̀ láti di Kìrìsìtẹ́nì fi ìlú sílẹ̀. Zacuto sá lọ sí Tunis. Ẹ̀yin tí ìjọba Gáná fún ní ọ̀sẹ̀ méjì péré láti kó ẹrù yín kúrò nílùú ní ìparí ọdún 1969, ẹ mọ bó ṣe ń rí kí ìlú jẹ àǹfààní ọwọ́ ẹni tán kó tó lé e.

Ìmọ̀ tí wọ́n rí yìí, wọ́n fi pamọ́. Máàpù àkọ́kọ́ tí gbogbo ìyókù gbọ́dọ̀ bá mu wà lábẹ́ ìṣọ́ ọba ní Lisbon. Ní 1504, Manuel pàṣẹ pé ayamáàpù kankan kò gbọdọ̀ ya etíkun tó kọjá agbègbè São Tomé àti odò Kóńgò. Síbẹ̀, ọ̀kan ti yọ jáde. Ní 1502, Alberto Cantino, aṣojú Ọlọ́lá Ferrara ní Ítálì, fi owó wúrà ducat 12 gba máàpù ayé kan láti Lisbon. Ó wà ní Modena lónìí. Ẹ wá a wò bí ẹ bá ráyè, kódà lórí fóònù yín. Ilé olódi São Jorge da Mina dúró gàgàrà ní etíkun wa. Orúkọ tò létí omi bẹ́ẹ̀ lọ, ìsàlẹ̀ dé òkè. Ṣùgbọ́n lẹ́yìn etí omi, ọ̀nà kankan kò sí.

Kí ló dé? Àwọn kan á ní ibà àti igbó kò jẹ́ kí Pọtogí wọ inú ilẹ̀. Ibà pa wọ́n lóòótọ́. Ṣùgbọ́n inú igbó yẹn kan náà ni wúrà ń gbà jáde lóṣooṣù. Nígbà tí Ọba Ìbíní sì ṣí ọ̀nà fún João Afonso de Aveiro, ní nǹkan bí 1486, ó rìn ín, ó sì dé ààfin. Ohun tí mo rí níbẹ̀ ni pé ibi tí wọ́n bá ti fi ọ̀nà hàn wọ́n, wọ́n ń dé ibẹ̀. Ibi tí wọn kò dé, ẹnì kan ni kò fi hàn wọ́n.

Ìwé Pọtogí fúnra wọn jẹ́rìí sí i. Nígbà tí Diogo de Azambuja, tí ọba Pọtogí rán, kó òkúta gbígbẹ́ àti àwọn ọ̀mọ̀lé dé Mina ní oṣù Kìíní ọdún 1482, Kwamena Ansa tó jọba níbẹ̀ bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n máa wá kí wọ́n sì máa padà lọ bí ti tẹ́lẹ̀, nítorí ìfẹ́ àwọn ọ̀rẹ́ tó ń rí ara wọn lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan máa ń pẹ́ ju ti àwọn tó ń gbé pọ̀ lọ. Azambuja rin kinkin títí wọ́n fi kọ́ ilé olódi náà. Pọtogí jókòó síbẹ̀ fún ọdún 155, títí àwọn ará Họ́láàńdì fi gbà á ní 1637, ọ̀pọ̀ ibi tí wọ́n ti ń wa wúrà kò sì bọ́ sí wọn lọ́wọ́. Àwọn oníṣòwò Akan ń gbé wúrà wá sí etíkun, wọ́n ń gbé idẹ àti aṣọ lọ, wọn kò sì júwe ilé. Èwo nínú ẹ̀yin ìyá wa ní Okaishie ló máa mú oníbàárà rẹ̀ lọ sọ́dọ̀ ẹni tó ti ń ra ọjà? Ààyè òfìfo tó wà lórí máàpù yẹn, àṣírí tí àwọn baba onílẹ̀ yìí pa mọ́ ni. Mo kà á sí iṣẹ́ ọwọ́ wọn, bí máàpù ṣe jẹ́ iṣẹ́ ọwọ́ Reinel.

Ó ṣẹlẹ̀ nílé tiwa náà. Duarte Pacheco Pereira, atukọ̀ tó padà di gómìnà Mina láti 1519 sí 1522, kọ ìwé kan láàárín 1505 sí 1508, *Esmeraldo de Situ Orbis*. Ó ṣàpèjúwe ẹnu ọ̀sà Èkó níbẹ̀: omi rẹ̀ kò ju nǹkan bí mítà 3.5 lọ nígbà tí omi bá kún, òkìtì iyanrìn wà níbẹ̀ tí ìgbì ń fọ́ lé lórí, ọkọ̀ kéékèèké nìkan ló lè wọlé. Ó ní líígì 12 sókè, tó jẹ́ nǹkan bí kìlómítà 70, ìlú ńlá kan wà tí yàrà ńlá yí ká. Geebuu ló pe ìlú náà, ó sì pe olórí rẹ̀ ní Agusale. Ìjẹ̀bú nìyẹn, Awùjalẹ̀ sì nìyẹn, ní èyí tó ju ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta ọdún sẹ́yìn! Orí mi máa ń wú bí mo bá kà á.

Inú mi sì máa ń bàjẹ́ sí ohun tó tẹ̀ lé e. Ó ní òwò ibẹ̀ ni ẹrú, tí wọ́n ń ta ọ̀kọ̀ọ̀kan ní ẹ̀gbà ọwọ́ idẹ 12 tàbí 15, àti eyín erin díẹ̀. Pọtogí ń ra ènìyàn ní ọ̀sà àti ní àwọn odò tó yí Ìbíní ká, wọ́n ń kó wọn wá sí Mina, wọ́n sì ń fi wọ́n gba wúrà lọ́wọ́ àwọn oníṣòwò tó nílò aláàárù. Ìlà tí wọ́n fà láti Èkó wá síbí lórí máàpù, ẹ̀dá ènìyàn ni wọ́n fi ń rìn ín. Kí a tó yin ọwọ́ tó ya àwòrán dáadáa, ó yẹ kí a rántí èyí. Ṣé àwọn tó ta ènìyàn kò sí lára wa ni? Wọ́n wà. Ẹni tó mọ ọ̀nà náà lè fi ìmọ̀ rẹ̀ ṣe ibi.

Lẹ́yìn Geebuu, Pacheco Pereira kò rí ohun gidi kan sọ nípa òkè ọ̀hún. Lójú tèmi, Ìjẹ̀bú ni kò jẹ́ kó rí i. Nígbà tí ọ̀rúndún kọkàndínlógún dé, ọwọ́ wọn ṣì le: oníṣòwò Èkó ń bá wọn pàdé ní Èjìnrìn létí ọ̀sà, àwọn ará òkè ń bá wọn pàdé ní Orù, Ìjẹ̀bú nìkan ló sì ń gbé ẹrù láàárín méjèèjì.

Àwọn máàpù tó bá *Esmeraldo* rìn ti sọnù. Ìwé náà kò sì dé ilé ìtẹ̀wé ní Lisbon títí di 1892. Ní oṣù Karùn-ún ọdún kan náà ni ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní Èkó gbógun ti Ìjẹ̀bú lórí ọ̀nà tí àwọn Ìjẹ̀bú tì. Láti ilẹ̀ yìí ni ọ̀gá ogun náà ti wá: Francis Scott, ọ̀gá àgbà ọlọ́pàá ológun Gold Coast, pẹ̀lú àwọn ọmọ ogun Hausa tí wọ́n kó níhìn-ín. Wọ́n gba ojú òkun dé Èkó, wọ́n gba ọ̀sà dé Ẹ̀pẹ́, wọ́n sì fi ìbọn Maxim jà ní Ìmàgbọn ní ọjọ́ 19. Ní ọjọ́ kejì wọ́n wọ Ìjẹ̀bú-Òde, ọ̀nà òkè sì ṣí sílẹ̀ fún ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ yà á.