Ìwé Owó Iná Tí A Fojú Bù



Ẹni tí ń fi ẹ̀rọ rin pákí tàbí tí ń jó irin, bí kò bá ní mítà, ohun tí ilé-iṣẹ́ iná bá fojú bù ni yóò san. Ní 2020, NERC, àjọ ìjọba tí ń ṣàkóso iná, fi gbèdéke sí i. Ní 2024 ó bu ìtanràn tí ó ju bílíọ̀nù mẹ́wàá náírà lọ lé ilé-iṣẹ́ iná mọ́kànlá, nítorí pé wọ́n ré gbèdéke náà kọjá ní 2023.

Òfin NERC ti 2023 sọ pé ẹni tí ó bá ń jiyàn irú ìwé owó bẹ́ẹ̀ lè máa san iye tí kò ní iyàn nínú kẹ́yìn, títí a ó fi yanjú ẹjọ́ rẹ̀.

Nítorí náà, ẹ má bá agéná jà. Ẹ kọ ìwé ẹ̀sùn sí ọ́fíìsì wọn. Ẹ pa ẹ̀dà rẹ̀ àti rìsíìtì mọ́. Bí wọn kò bá dáhùn, ẹ gbé e lọ sọ́dọ̀ àjọ tí ń ṣàkóso iná. Kí ọmọ Ìdèrè tí ó mọ̀wé bá ìyá tí kò mọ̀wé kọ tirẹ̀. Àgbájọ ọwọ́ ni a fi ń sọ̀yà.