Ojú Ayàwòrán Nínú Sinimá Yorùbá

Bí ènìyàn bá dúró níwájú Gbọ̀ngàn Mápó ní ọ̀sán gangan, tí ó wo ìsàlẹ̀ sí Ọjà'ba, Bẹẹrẹ àti Beyerúnká, òrùlé páànù tí ó ti dípẹtà ni yóò rí lọ súà. Ojú lásán a rí gbogbo rẹ̀ kedere. Kámẹ́rà kì í rí i bẹ́ẹ̀. Ẹ jẹ́ kí a sọ pé bàbá kan wọ agbádá funfun, ó dúró sí Ọjà'ba ní wákàtí náà. Bí ayàwòrán bá gba ìmọ́lẹ̀ wọlé tó láti fi ojú bàbá hàn, agbádá yóò di kìkì ìmọ́lẹ̀ tí kò ní ìṣẹ́po kankan. Bí ó bá sì dín ìmọ́lẹ̀ kù nítorí agbádá, ojú bàbá yóò ṣókùnkùn biribiri. Ìṣòro yìí ni àwọn tí ń ya sinimá nílẹ̀ Yorùbá ń bá yí, síbẹ̀ orúkọ eléré nìkan ni ọ̀pọ̀ òǹwòran mọ̀.

Túndé Kèlání jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn díẹ̀ tí orúkọ wọn là. Èkó ni a ti bí i ní ọdún 1948, ṣùgbọ́n ọ̀dọ̀ àwọn òbí rẹ̀ àgbà ní Abẹ́òkúta ni ó dàgbà sí. Ó kọ́ iṣẹ́ fọ́tò kí ó tó wọ ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n WNTV ní Ìbàdàn, èyí tí ó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1959. Lẹ́yìn náà ni ó lọ kẹ́kọ̀ọ́ sinimá ní Lọ́ńdọ̀nù. Fíìmù ni wọ́n ń lò nígbà náà. Ìdì kan tí ó gùn ní ẹsẹ̀ bàtà 400 kì í tó ìṣẹ́jú 12, a sì ní láti fọ̀ ọ́ kí ẹnikẹ́ni tó rí ohun tí ó wà nínú rẹ̀. Nítorí náà, ayàwòrán ní láti kọ́kọ́ fi ọkàn rí àwòrán náà. Irú ojú bẹ́ẹ̀ ni Kèlání mú wọ inú Ọ̀run Móoru (1982) àti Ìyá Ni Wúrà.

Nígbà tí náírà wálẹ̀, tí fíìmù di ọ̀wọ́n gógó, fídíò gbòde. Ọ̀pọ̀ òṣèré sá wọ pálọ̀ lọ, wọ́n fa kọ́tìnì, wọ́n ń sọ̀rọ̀ lórí àga. Kèlání, tí ó dá ilé iṣẹ́ Mainframe sílẹ̀ ní ọdún 1991, kò sá. Ẹni tí ó bá wo Saworoidẹ (1999) yóò rí i pé ìlù, ijó àti ààfin ń sọ tiwọn láìdúró de ọ̀rọ̀ ẹnu.

Irú ọgbọ́n yìí kò mọ sílẹ̀ Yorùbá. Ní Japan, Kazuo Miyagawa, tí ó ti kọ́ bí a ṣe ń fi tàdáwà ya àwòrán láti kékeré, ni ó ya Rashomon (1950). Inú igbó dúdú ni wọ́n wà. Ó fi dígí gba oòrùn, ó sì dà á sójú àwọn òṣèré lábẹ́ ewé. Dígí onídìrí Ọjà'ba tó í ṣe irú iṣẹ́ náà.

Ọdún 1974 ni Akínwùmí Ìṣọ̀lá gbé ìwé Ó Le Kú jáde. Àwọn olùkọ́ kọ́ ọ títí. Nígbà tí Kèlání sọ ọ́ di sinimá ní ọdún 1997 ni àwọn obìnrin tún bẹ̀rẹ̀ sí rán ìró àti bùbá tí wọ́n ń pè ní òlèkú. Àwòrán ni ó ṣe èyí, síbẹ̀ ìbéèrè tí a ń bi akẹ́kọ̀ọ́ lórí sinimá kì í kọjá ẹ̀dá ìtàn àti èdè. Ta ni yóò fún wọn ní máàkì lórí ohun tí ojú wọn rí?

Olùkọ́ tí ó bá fẹ́ gbìyànjú lè kó àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ lọ sí Beyerúnká ní agogo 7 òwúrọ̀, kí wọ́n wo ògiri amọ̀ kan àti ojú ẹni tí ó dúró tì í. Kí wọ́n padà síbẹ̀ ní agogo 12, kí wọ́n sì kọ ohun tí ó ti yí padà sílẹ̀. Kí wọ́n mú dígí kékeré kan dání.