Ẹrù Orí Nínú Igbó Bọ́mà

Bí a bá dárúkọ Ogun Àgbáyé Kejì, Hitler àti Jámánì ló máa ń kọ́kọ́ bọ́ sí wa lẹ́nu. Ṣùgbọ́n àwọn ará Jàpáàn ni ọ̀pọ̀ ọmọ Nàìjíríà dojú kọ, nínú igbó Bọ́mà.

Báwo ni àwọn ọmọ Nàìjíríà ṣe gbé níbẹ̀? Kí Ẹ̀ka Ọmọ Ogun 81 ti Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà, tí àwọn ọmọ Nàìjíríà wà nínú rẹ̀, tó lè wọ àfonífojì Kaladan ní Bọ́mà lọ́dún 1944, ọkọ́ àti àdá ni wọ́n fi la ọ̀nà máìlì 75. Níbi tí ọ̀nà pin sí, orí ni wọ́n fi ń ru ọta àti oúnjẹ. Bàálù ló ń ju oúnjẹ sílẹ̀ fún wọn. Òjò ń pa wọ́n, eṣúṣú ń mu wọ́n lẹ́jẹ̀, ibà ò sì jẹ́ kí wọ́n sinmi.

Ẹ gbọ́ ti Isaac Fadoyebo, ọmọ Èmùrè-Ilé nítòsí Ọ̀wọ̀. Ọmọ ọdún 16 ni nígbà tó wọṣẹ́ ológun. Ìtọ́jú aláìsàn ni iṣẹ́ rẹ̀. Ní oṣù Kẹta 1944, ìbọn àwọn ará Jàpáàn bà á lẹ́sẹ̀ àti níkùn ní Bọ́mà. Mùsùlùmí ará abúlé kan, Shuyiman, fi í pamọ́, ó ń bọ́ ọ, títí àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì fi dé ní oṣù Kejìlá.

Bí bàbá àgbà yín bá lọ sí Bọ́mà, ẹ bi àwọn àgbà ilé ní ìtàn rẹ̀, kí ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Ẹni tó ru irú ẹrù bẹ́ẹ̀ kò yẹ lẹ́ni ìgbàgbé.