Ẹ Má Sọ Pé “Dáadáa Ni” Bí Kò Bá Rí Bẹ́ẹ̀
Ọ̀rọ̀ tí a sọ níbi ìpàdé àwọn ìdílé wa ní Lọ́ńdọ̀nù

 

Ọ̀rọ̀ kan wà tí a kì í sọ síta. Nígbà tí à ń bọ̀ ní ìlú yìí, ọdún márùn-ún péré ni púpọ̀ nínú wa ní a ó lò. Márùn-ún di mẹ́wàá, mẹ́wàá di ogún. A kọ́lé sí Ìbàdàn, a kọ́lé sí Ìjẹ̀bú, ẹni tó ń ṣọ́lé nìkan ló ń sùn níbẹ̀. Àwa alára ń ti iṣẹ́ alẹ́ dé láàárọ̀, ọmọ ti lọ sílé ẹ̀kọ́, ọkọ ti lọ síbi iṣẹ́. Ìwé pélébé tí a lẹ̀ mọ́ fíríìjì la fi ń bára wa sọ̀rọ̀. Bí ará ilé bá pè wá lórí fóònù, “Dáadáa ni” la máa ń wí. Bí a bá gbé fóònù sílẹ̀, gbogbo ilé á pa lọ́lọ́.

Lọ́dún tó kọjá, ìyá kan láàárín wa dùbúlẹ̀ àìsàn fún ọjọ́ mẹ́ta, ẹnikẹ́ni ò kanlẹ̀kùn rẹ̀. Kì í ṣe pé kò léèyàn. Kálukú wa rò pé ẹlòmíràn ti lọ wò ó ni. Ojú tì wá gan-an.

Ẹ má jẹ́ ká pe ìdánìkanwà ní àṣejù. Ní 2018, ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì yan mínísítà tí yóò máa bójú tó o. Ní 2025, Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ pé ẹnì kan nínú mẹ́fà láyé ló ń bá a fínra, ó sì ń ba ìlera jẹ́.

Kí la wá lè ṣe? Ẹ sọ ọ́ fún GP yín. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ló ní òṣìṣẹ́ tó ń mú èèyàn mọ ẹgbẹ́ àdúgbò. Bí ìrònú bá fẹ́ borí yín, ẹ pe Samaritans lórí 116 123, tọ̀sán-tòru, ọ̀fẹ́ ni.

Àwa náà ti pín ara wa ní ìdílé méjì-méjì, tí yóò máa pe ara wọn ní gbogbo alẹ́ ọjọ́ Àìkú. Bí fóònù bá dún tí ẹ ò gbé e, a ó wá kanlẹ̀kùn. Ẹ má bínú o, nílé wa, a kì í gba àyè kí a tó lọ kí ara wa. Igi kan kì í dá igbó ṣe.

Bí a bá tún bi yín pé báwo ni, ẹ sọ òótọ́ fún wa. Ọbẹ̀ ti ń hó lẹ́yìn. Ẹ má tíì sáré lọ sílé.