Ojú Oórì ní Ìbàdàn Àtijọ́

Ohun tí ọ̀pọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ gbà ni pé inú ìwé ni ìtàn ìlú wà. Ṣùgbọ́n ìwé a máa jóná. Ní oṣù kẹfà ọdún 1922, nígbà ogun abẹ́lé ilẹ̀ Áílàǹdì, iná jó ilé tí wọ́n ń kó ìwé ìjọba pamọ́ sí ní Dublin. Ọ̀pọ̀ ìwé ìkànìyàn àti àkọsílẹ̀ ìrìbọmi, ìgbéyàwó àti ìsìnkú ni ó bá a lọ. Èyí wà lára ohun tí ó fi jẹ́ pé itẹ́ òkú àtijọ́ ni àwọn òpìtàn àdúgbò níbẹ̀ máa ń yà sí, tí wọ́n ń da orúkọ àti ọdún kọ láti ara òkúta. Bí ó bá rí báyìí fún ilẹ̀ tí ìwé rẹ̀ jóná, báwo ni yóò ti rí fún ìlú tí kò kọ ìwé rárá ní ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀?

Ẹni tí ó bá dúró ní Pópó Yemọja, tí ó ń wá itẹ́ òkú àwọn àgbà Ìbàdàn, lè wá a títí kí ilẹ̀ ṣú. Abẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ ni wọ́n wà. Inú ilé ni àwọn baba ńlá ń sin olórí ilé sí, nínú yàrá rẹ̀ tàbí ní ọ̀dẹ̀dẹ̀. Wọn a kún ilẹ̀ náà, wọn a fi ìgbẹ́ màlúù pa á títí yóò fi dán, àwọn ọmọ a sì máa sùn lórí rẹ̀. Kò sí òkúta, kò sí orúkọ tí a kọ. Ẹnu àwọn ìyáálé ni orúkọ wà, nínú oríkì tí wọ́n ń ki ọmọ ilé ní òwúrọ̀.

Ohun kan wà nínú ọ̀ràn yìí tí ó yẹ kí olùkọ́ ìtàn tẹjú mọ́. Ní Ọ̀yọ́, Bàrà ni wọ́n ń sin àwọn Aláàfin sí. Ní Ìbàdàn, ibùdó ogun tí àwọn jagunjagun tẹ̀ dó ní nǹkan bí ọdún 1829, kò sí ìdílé kan tí ó ni oyè, kò sì sí ààfin kan tí gbogbo olórí ń jogún. Ẹni tí ó bá gorí àlééfà, ilé rẹ̀ ni ó ti ń ṣe ìjọba. Nítorí náà ni itọ́kasí ojú oórì àwọn olórí fi fọ́n káàkiri ìlú, láti agbo ilé kan dé òmíràn. Baṣọ̀run Olúyọ̀lé kú ní 1847. Balógun Ibíkúnlé, tí ó ṣáájú ogun Ìjàyè, kú ní 1864. Baṣọ̀run Ògúnmọ́lá tẹ̀ lé e ní 1867. Olúkúlùkù wọn ni ó ní agbo ilé tirẹ̀, tí ìran rẹ̀ sì ń fi orúkọ rẹ̀ jẹ́ títí di òní. Ẹni tí ó bá ya àwòrán àwọn agbo ilé wọ̀nyí sórí pátákó ti ya àwòrán òfin ìjọba Ìbàdàn.

Àwọn tí kò sí nílé náà ní ìtàn tiwọn. Ààrẹ Látòóṣà kú sí ibùdó ogun Kíríjì ní 1885, bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ọmọ ogun tí orúkọ wọn kò hàn. Bí òkú bá jìnnà, irun orí àti èékánná rẹ̀ ni wọ́n ń gbé wá sílé fún ìsìnkú. Ìyálóde Ẹfúnṣetán Aníwúrà ńkọ́? Májèlé ni akẹ́kọ̀ọ́ tí ó ka eré Akínwùmí Ìṣọ̀lá mọ̀ pé ó pa á. Ṣùgbọ́n ohun tí Samuel Johnson kọ ni pé àwọn ẹrú rẹ̀ ni a lò láti pa á lórí ibùsùn rẹ̀, ní 1874. Ó yẹ kí a ka méjèèjì pọ̀, kí a má sì fi eré ṣe ìtàn. Ní ti àwọn ẹrú fúnra wọn, tí wọ́n ro oko tí ìlú jẹ, ta ni ó lè nawọ́ sí ojú oórì wọn? Àwọn àgbà kúkú ti sọ ọ́: ẹrú kú, ìyá kò gbọ́, ọmọ kú, ariwo ta.

Kúdẹtì kò jìnnà sí Pópó Yemọja. Ibẹ̀ ni David Hinderer, ará Jámánì tí ó ń ṣiṣẹ́ fún ìjọ C.M.S., àti Anna aya rẹ̀ tẹ̀ dó sí ní 1853. Àwọn oníwàásù mú àṣà mìíràn wá: kí onígbàgbọ́ sùn nínú ọgbà ìjọ, pẹ̀lú àwọn tí wọ́n jọ gbàgbọ́. Ó dàbí ọ̀rọ̀ kékeré, ṣùgbọ́n ìjà ńlá wà nínú rẹ̀, nítorí ẹbí tí kò bá ní òkú baba rẹ̀ nínú ilé kò mọ ohun tí yóò fi di ilé náà mú. Anna kò tilẹ̀ sinmi sí Kúdẹtì. Wọ́n fi Ìbàdàn sílẹ̀ ní 1869, ó sì kú ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 1870.

Ọ̀ràn dídi ilé mú yìí kò tíì tán. Nígbà tí ẹjọ́ ilẹ̀ bá dé kóòtù, ojú oórì baba ńlá wà lára ẹ̀rí tí ẹbí ń tọ́ka sí. Òun náà ni ó ń mú kí ọmọ tí ó fẹ́ ta ilé ẹbí fà sẹ́yìn. Nísinsìnyí, bí wọ́n bá ń wó ilé alámọ̀ láti kọ́ ṣọ́ọ̀bù, tàbí tí ọ̀nà bá ń gbòòrò, ilẹ̀ tí a kò kọ orúkọ sí kò lè sọ̀rọ̀ fún ara rẹ̀. Òkúta gan-an kò tó ààbò: ní Èkó, ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970, ìjọba wó itẹ́ òkú Ajẹ́lẹ̀, níbi tí wọ́n sin Bíṣọ́ọ̀bù Àjàyí Crowther sí lẹ́yìn ikú rẹ̀ ní 1891. Wọ́n gbé egungun tirẹ̀ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì àgbà ní Marina. Ti ọ̀pọ̀ ènìyàn kò rí ẹni gbé e.

Iṣẹ́ tí akẹ́kọ̀ọ́ kọ́lẹ́ẹ̀jì lè ṣe nígbà ìsinmi kò gba owó. Kí ó mú ìwé àti bírò lọ sí agbo ilé tirẹ̀, kí ó kí àwọn àgbà dáadáa, kí ó má sì tẹ ibi tí wọn kò bá ní kí ó tẹ̀. Kí ó bèèrè ẹni tí ó wà ní yàrá wo, ọmọ ta ni, irú ogun tí ó lọ, oríkì rẹ̀, àti ẹni tí ó kọ́kọ́ da sìmẹ́ńtì sí ibẹ̀. Àwọn ìyáálé ni kí ó kọ́kọ́ lọ bá.