Ìjà Ọ̀rẹ́ Méjì: Ọ̀rọ̀ Lórí John Adams àti Thomas Jefferson

Ọ̀rọ̀ tí ẹ fi lé wa lọ́wọ́ ni ìtàn àwọn ọkùnrin méjì tí wọ́n wà nínú àwọn tí ó tẹ orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà dó, tí wọ́n jẹ́ ọ̀rẹ́, tí wọ́n di ọ̀tá, tí wọ́n sì tún padà di ọ̀rẹ́ kí wọ́n tó kú. Kì í ṣe nítorí àti fi ìtàn òkèèrè pa yín lẹ́rìn-ín ni a ṣe gbà láti sọ ọ́. Kò sí ìlú kan lábẹ́ ọ̀run tí àgbà méjì kò ti lè máa du ipò kan ṣoṣo. Ohun tí ó yẹ kí a wádìí ni ohun tí ń sọ ìdíje di ọ̀tá, àti ohun tí ń mú kí ilé dúró nígbà tí àwọn olórí rẹ̀ bá ń jà.

John Adams ni ó dàgbà jù. A bí i ní 1735 ní ìlú Braintree, ní ilẹ̀ Massachusetts, ní ìhà àríwá. Àgbẹ̀ ni bàbá rẹ̀, a sì máa rán bàtà pẹ̀lú. Nígbà tí ó jáde ní ilé-ẹ̀kọ́ gíga ti Harvard, iṣẹ́ olùkọ́ ni ó kọ́kọ́ ṣe ní Worcester, kí ó tó di agbẹjọ́rò. Ó kúrú, ó sanra, ẹnu rẹ̀ mú, kò sì lè fi ohun tí ó wà ní inú rẹ̀ pamọ́. Nígbà tí àwọn ọmọ-ogun Gẹ̀ẹ́sì yìnbọn pa ènìyàn 5 ní Boston ní 1770, tí gbogbo ìlú ń ru, òun ni ó dìde gbèjà àwọn ọmọ-ogun náà ní ilé ẹjọ́, nítorí ó gbà pé kò sí ẹni tí ó yẹ kí a dá lẹ́bi láìgbọ́ tẹnu rẹ̀.

A bí Thomas Jefferson ní 1743 ní ilẹ̀ Virginia, ní ìhà gúúsù. Ọmọ olówó ni. Ó jogún ilẹ̀, ó sì jogún ẹrú. Ó ga, kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀ nínú àwùjọ, ṣùgbọ́n bí ó bá mú kálàmù, ọ̀rọ̀ a máa dùn lọ́wọ́ rẹ̀. Iye ẹrú tí ó ní láti ìgbà èwe títí di ọjọ́ ikú rẹ̀ ju 600 lọ. Adams kò ní ẹrú kan rí ní ọjọ́ ayé rẹ̀.

Ní 1775 ni wọ́n pàdé ní Philadelphia, níbi tí àwọn aṣojú àwọn ilẹ̀ tí ó wà lábẹ́ ọba Gẹ̀ẹ́sì péjọ sí. Ní oṣù kẹfà 1776, wọ́n yan ènìyàn 5 láti kọ ìwé tí yóò kéde òmìnira, àwọn méjèèjì sì wà nínú wọn. Jefferson ni ó kọ ọ́. Nígbà tí Adams di arúgbó, ó sọ pé òun ni òun rọ Jefferson láti kọ ọ́, nítorí pé ará Virginia ni, nítorí pé ọ̀pọ̀ ènìyàn kò fẹ́ràn òun Adams, àti nítorí pé Jefferson mọ ìwé kọ ju òun lọ. Jefferson ní kò rí bẹ́ẹ̀, pé ìgbìmọ̀ náà lápapọ̀ ni ó bẹ òun. Agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. A kò ní dá ẹjọ́ náà níhìn-ín. Ohun tí kò ní iyèméjì nínú ni pé nígbà tí a gbé ìwé náà kalẹ̀ níwájú ilé, tí wọ́n ń yọ gbólóhùn kan, tí wọ́n ń tún òmíràn ṣe, Jefferson jókòó láìfọhùn, Adams ni ó dìde dúró tì í títí wọ́n fi gbà á ní ọjọ́ 4 oṣù keje, 1776. Ọ̀kan kọ ọ́, èkejì jà fún un.

Ìfẹ́ wọn tún pọ̀ sí i ní òkè òkun. Ní 1785 Adams di aṣojú àkọ́kọ́ tí Amẹ́ríkà rán sí ọba Gẹ̀ẹ́sì, Jefferson sì ń ṣojú wọn ní ilẹ̀ Faransé. Ní 1786 Jefferson lọ kí Adams ní London, wọ́n sì jọ wọ kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́ṣin kiri láti wo àwọn ọgbà ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Wọ́n dé ilé Shakespeare ní Stratford, wọ́n sì gé èérún igi lára àga àtijọ́ kan níbẹ̀, bí àwọn àlejò ìgbà náà ti máa ń ṣe. Ní ọdún tí ó tẹ̀lé e, Polly, ọmọbìnrin Jefferson tí kò tíì pé ọdún 9, la òkun wá bá bàbá rẹ̀, ilé Adams ní London ni ó sì kọ́kọ́ dé. Abigail, aya Adams, tọ́jú rẹ̀ bí ọmọ inú ara rẹ̀. Nígbà tí a wá mú un lọ sí Paris, ọmọ náà rọ̀ mọ́ ìyá yìí, ó ń sunkún pé òun kò lọ. Ọ̀dọ́mọbìnrin ẹrú kan ni ó bá a la òkun. Sally Hemings ni orúkọ rẹ̀. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi àwọn méjèèjì sọ́kàn, nítorí a óò tún kàn wọ́n níwájú.

Kí ni wọ́n wá jà lé lórí? Kì í ṣe ọ̀rọ̀ kékeré. Adams gbà pé bí a kò bá fi ìjánu sí ẹnu àwọn ọlọ́lá, wọn óò jẹ ìlú run. Bí a kò bá sì fi sí ẹnu àwọn mẹ̀kúnnù, àwọn náà óò dà á rú. Nítorí náà ó fẹ́ ìjọba tí ó ní olórí tí ó lágbára, àti ilé aṣòfin méjì tí ọ̀kan yóò máa ṣọ́ èkejì. Jefferson ní tirẹ̀ ń bẹ̀rù ìjọba tí ó bá lágbára jù. Ó fẹ́ kí agbára pọ̀ lọ́wọ́ àwọn ilẹ̀ kọ̀ọ̀kan àti lọ́wọ́ àwọn àgbẹ̀ tí ń gbé orí ilẹ̀ ara wọn. Nígbà tí àwọn ará Faransé dìde sí ọba wọn ní 1789, Jefferson yọ̀, Adams mi orí. Ọlọ́gbọ́n ni àwọn méjèèjì, ọ̀kọ̀ọ̀kan sì rí apá kan òtítọ́. Ahọ́n àti eyín tí ń gbé inú ẹnu kan pàápàá a máa jà.

Ṣùgbọ́n àríyànjiyàn nìkan kọ́ ni ó tú wọn ká. Ní 1791, tí Adams jẹ́ igbákejì Ààrẹ Washington, tí Jefferson sì jẹ́ akọ̀wé tí ń mójú tó ọ̀rọ̀ ilẹ̀ òkèèrè, a yá Jefferson ní ìwé kan tí Thomas Paine kọ láti gbèjà àwọn ará Faransé, a sì ní kí ó fi ránṣẹ́ sí atẹ̀wé nígbà tí ó bá kà á tán. Ó kọ gbólóhùn díẹ̀ tì í, pé inú òun dùn pé a ti rí ìdáhùn sí àwọn ẹ̀kọ́ òdì tí ń jáde láàárín àwọn. Ohun tí Adams ń kọ nínú ìwé ìròyìn ni gbogbo ènìyàn mọ̀ pé ó ń bá wí. Atẹ̀wé kò bi í léèrè. Ó tẹ gbólóhùn náà sí iwájú ìwé pẹ̀lú orúkọ rẹ̀. Ẹyin lohùn, bí ó bá balẹ̀, fífọ́ ni í fọ́. Jefferson kọ̀wé sí Adams pé òun kò rò ó pé yóò di ohun ìtẹ̀jáde, Adams sì fi sùúrù dá a lóhùn. Ṣùgbọ́n àwọn oníwèé-ìròyìn ti gba ìjà náà lọ́wọ́ àwọn tí ó ni ín.

Ní 1796 àwọn méjèèjì du ipò Ààrẹ. Òfin ìgbà náà ni pé ẹni tí ìbò rẹ̀ bá pọ̀ jù ni yóò jẹ Ààrẹ, ẹni tí ó bá tẹ̀lé e ni yóò jẹ igbákejì. Adams ní 71, Jefferson ní 68. Báyìí ni òfin so abanidíje méjì mọ́ àjàgà kan. Ní 1798 Adams fi ọwọ́ sí òfin tí a fi lè sọ ẹni tí ó bá kọ̀wé èké sí ìjọba sí ẹ̀wọ̀n, òfin kan tí ó ba orúkọ rẹ̀ jẹ́ títí di òní. Jefferson, igbákejì rẹ̀, kọ ìwé àtakò sí òfin náà ní ìkọ̀kọ̀ fún àwọn aṣòfin Kentucky. Ó sì tún ń fi owó ran akọ̀ròyìn kan lọ́wọ́, James Callender, ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ láti máa bú Adams. Wọ́n sọ Callender sí ẹ̀wọ̀n ní 1800. Nígbà tí Jefferson jọba tán, Callender wá bèèrè ipò. Nígbà tí kò rí i gbà, ó yí kálàmù rẹ̀ padà, ó sì kéde ní 1802 pé Jefferson bí ọmọ fún Sally Hemings, ẹrú rẹ̀, ẹni tí ó mú Polly wá sí London. Àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ tí a ṣe lára àwọn ìran wọn, tí èsì rẹ̀ jáde ní 1998, ti mú kí ọ̀pọ̀ jù lọ nínú àwọn òpìtàn gbà pé òtítọ́ ni. Ẹni da eérú ni eérú ń tọ̀.

A dé ọdún 1800. Wọ́n tún díje. Adams ti bá Faransé ṣe àdéhùn àlàáfíà ní ọdún náà, ó sì fi bẹ́ẹ̀ bí àwọn ajagun inú ẹgbẹ́ tirẹ̀ nínú; Hamilton, ẹni ńlá nínú ẹgbẹ́ náà, kọ odidi ìwé láti bú u. Adams ní ìbò 65. Jefferson ní 73, Aaron Burr tí wọ́n jọ wà nínú ẹgbẹ́ kan náà sì ní 73. Ilé aṣòfin dìbò nígbà 36 kí wọ́n tó yan Jefferson ní ọjọ́ 17 oṣù kejì, 1801.

Ẹ jẹ́ kí a dúró níhìn-ín díẹ̀. Adams ni olórí ogun ilẹ̀ náà. Ọmọ rẹ̀ Charles ṣẹ̀ṣẹ̀ kú ni. Ọkàn rẹ̀ gbọgbẹ́. Ó gbà pé ìlú ti ṣe àìmoore sí òun. Ní àárọ̀ kùtùkùtù ọjọ́ 4 oṣù kẹta, ní nǹkan bí aago mẹ́rin, kí ilẹ̀ tó mọ́, ó wọ kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́ṣin jáde kúrò ní Washington, kò dúró wo bí a ó ti fi Jefferson jẹ. A kò yìn ín fún èyí. Ó yẹ kí àgbà kí arọ́pò rẹ̀. Ṣùgbọ́n ó lọ. Ó bínú, ó sì lọ. Kò sí ìbọn, kò sí ẹni tí ó ti ilẹ̀kùn ààfin. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyí tí agbára yóò kúrò lọ́wọ́ ẹgbẹ́ kan bọ́ sí ọwọ́ ẹgbẹ́ kejì nínú ìjọba Amẹ́ríkà náà. Òfin kò bèèrè pé kí inú ẹni tí ó ṣubú dùn. Ohun tí ó bèèrè ni pé kí ó dìde lórí àga.

Lẹ́yìn èyí, wọn kò kọ̀wé sí ara wọn fún nǹkan bí ọdún 11. Ní 1804 Polly kú. Abigail kò lè gbàgbé ọmọ tí ó rọ̀ mọ́ ọn ní London. Ó kọ̀wé ìbánikẹ́dùn sí Jefferson láìsọ fún ọkọ rẹ̀. Jefferson fèsì, ṣùgbọ́n ó mẹ́nu ba àwọn adájọ́ tí Adams yàn nígbà tí ó kù díẹ̀ kí ó lọ. Abigail náà sì mú ọ̀rọ̀ Callender jáde. Egbò náà tún ṣẹ́, ìwé sì dáwọ́ dúró.

Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Oníṣègùn kan wà ní Philadelphia, Benjamin Rush, tí òun náà fi ọwọ́ sí ìwé òmìnira. Ọ̀rẹ́ àwọn méjèèjì ni. Ní 1809 ó kọ̀wé sí Adams pé òun lá àlá, pé nínú àlá náà òun rí i tí òun àti Jefferson tún di ọ̀rẹ́. Bí ẹ bá bi wá, a ó ní ọgbọ́n àgbà ni àlá náà. Ó ń kọ̀wé síhìn-ín, ó ń kọ̀wé sọ́hùn-ún, kò sú u. Nígbà tí àwọn aládùúgbò Jefferson kan bẹ Adams wò ní 1811, tí Adams sì wí fún wọn pé òun fẹ́ràn Jefferson nígbà gbogbo, òun sì fẹ́ràn rẹ̀ síbẹ̀, ọ̀rọ̀ náà dé etí Jefferson, Rush sì rí ọ̀nà.

Ní ọjọ́ 1 oṣù kìíní, 1812, Adams kọ ìwé kúkúrú. Ó ní òun fi ìdì aṣọ méjì tí a hun ní ilé ránṣẹ́. Àwàdà ni: ìwé alápá méjì tí ọmọ rẹ̀ John Quincy kọ ni ó ń pè bẹ́ẹ̀. Ìwé ìkíni dé kí ìdì náà tó dé, Jefferson kò sì mọ̀ pé àwàdà ni; ó fi odidi ìwé dáhùn lórí aṣọ híhun ní Virginia! Ẹ̀rín ni ó fi ṣí ilẹ̀kùn náà. Láti ìgbà náà títí di 1826, ìwé 158 ni ó kọjá láàárín wọn; Adams kọ 109, Jefferson kọ 49. Wọn kò fi irọ́ bo àríyànjiyàn wọn. Adams tilẹ̀ sọ pé kò yẹ kí àwọn méjèèjì kú kí wọ́n tó ṣe àlàyé ara wọn fún ara wọn.

Ìdánwò dé ní 1823. Ẹnìkan tẹ àwọn ìwé àtijọ́ tí Adams fi ìbínú kọ jáde, èyí tí ó bú Jefferson púpọ̀. Ẹ wò ó, ohun kan náà tí ó ṣẹlẹ̀ ní 1791 ni: ọ̀rọ̀ ìkọ̀kọ̀ ti tún bọ́ sí ọwọ́ atẹ̀wé. Ṣùgbọ́n Jefferson kò dúró kí Adams tó bẹ̀bẹ̀. Òun ni ó kọ́kọ́ kọ̀wé pé òun kò ní jẹ́ kí ẹ̀gún tí ẹlòmíràn gbìn ba ìrọ̀rí ọjọ́ ogbó àwọn jẹ́. Inú Adams dùn tó bẹ́ẹ̀ tí a fi ka ìwé náà sí etí gbogbo ará ilé nídìí oúnjẹ àárọ̀. Bí ogiri kò bá lanu, alángbá kò lè wọ ibẹ̀.

A óò ṣe àbòsí bí a bá dákẹ́ lórí ohun kan. Àwọn òpìtàn púpọ̀ ni ó sọ pé Adams ni ì bá wọlé ní 1800 bí kì í bá ṣe pé òfin ka ẹrú 5 bí ènìyàn 3 nígbà tí a bá ń pín àṣojú fún àwọn ilẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni ẹrú kò ní ìbò. Nínú gbogbo ìwé wọn, ọ̀rọ̀ oko ẹrú ni àwọn arúgbó méjèèjì sábà máa ń yà fún. Nígbà tí Jefferson kú, ó dá ẹrú 5 sílẹ̀ nínú ìwé ìhágún rẹ̀. Ní oṣù kìíní 1827 a ta àádóje ènìyàn lórí oko rẹ̀ láti san gbèsè. Àdúgbò wa mọ ìbí àwọn tí a ń tà bẹ́ẹ̀. Ìlàjà tí ó dára láàárín àwọn ọlọ́lá lè ṣẹlẹ̀ kí ó má dé ẹ̀yìnkùlé.

Ọjọ́ 4 oṣù keje, 1826, ni ó pé ọdún 50 géérégé tí a gba ìwé òmìnira náà. Ní ọ̀sán ọjọ́ náà Jefferson kú ní ẹni ọdún 83. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan náà Adams kú ní ẹni ọdún 90. Ọmọ rẹ̀, tí ó jẹ́ Ààrẹ nígbà náà, kọ ọ́ sílẹ̀ bí wọ́n ti ròyìn fún un pé bàbá òun dárúkọ Jefferson kí ó tó dákẹ́, pé ó ṣì wà láàyè. Kò mọ̀ pé ọ̀rẹ́ òun ti ṣáájú ní wákàtí díẹ̀.

Ẹ̀yin Ọlọ́lá, ìdíje kò burú. Ipò tí ènìyàn kò du kì í sábà níyì. Ohun tí ó fi ọdún 11 ṣòfò láàárín àwọn méjì yìí ni àwọn tí ń gbé ọ̀rọ̀ láti ilé kan dé èkejì, tí wọ́n sì ń rí owó níbẹ̀. Ohun tí kò jẹ́ kí ilé wó ni pé ẹni tí ó ṣubú dìde lórí àga. Ohun tí ó sì tún wọn ṣe ni àgbà kan tí kò jẹ́ kí iṣẹ́ alárinà sú òun. Ìlú tí àwọn aṣọ̀rọ̀-gbé pọ̀ nínú rẹ̀, tí kò sì ní irú Rush kan, àwa àgbà ni kí a bi ara wa léèrè ohun tí a ń ṣe lọ́jà.